Lẹ́tà Ẹ̀bẹ̀ Tó Fẹ́rẹ̀ẹ́ Sọ Àbúrò Mi Di Olè

Ẹni ọdún mọ́kàndínláàádọ́rin ni mí, tíṣà tó ti fẹ̀yìn tì, nígbà tí mo fi ọwọ́ ara mi kọ ohun tó fẹ́rẹ̀ẹ́ gbé àbúrò mi jù sí àtìmọ́lé. Ẹ fara balẹ̀ kí n rò ó fún yín, torí inú ṣì ń bí mi!

Bọ́sẹ̀ ni orúkọ àbúrò mi. Opó ni. Òun ló ń tọ́jú sítọ̀ kòkó fún ọ̀gá kan ní ìlú Oǹdó. Ọwọ́ rẹ̀ ni kọ́kọ́rọ́ wà. Lọ́jọ́ kan, àpò kòkó mẹ́fà di àwátì. Ọ̀gá ní Bọ́sẹ̀ ló jí i. Ọlọ́pàá pè é lórí fóònù pé kó wá sí tẹ́ṣàn. Kí ni àbúrò mi ṣe? Ó wọ mọ́tò, ó sá wá bá mi ní àdúgbò Arakale, ní Àkúrẹ́!

Mo bi í bóyá ó jí i.

"Ẹ̀gbọ́n mi, ṣé ẹ ò mọ̀ mí ni? Àtìmọ́lé ni mo ń sá fún!"

"Bọ́sẹ̀, ẹni tó bá sá, ta ni yóò gbà pé kò jalè?"



Ẹ mọ bí a ṣe máa ń ṣe nílé wa. Wàhálà ò tíì délẹ̀ tán, a ti dọ̀bálẹ̀! Ẹbí ní kí n kọ lẹ́tà sí ọ̀gá náà, torí ìkọ̀wé mi dára. Mo fa ìlà sí etí bébà, mo kọ ọ́ pé: "Ẹ jọ̀wọ́, ẹ fi orí ji àbúrò wa. Kò ní ṣe bẹ́ẹ̀ mọ́." Kò ní ṣe kí ni mọ́? Ohun tí kò ṣe rí!

Ẹ̀yìn èyí la tó wá lọ́yà, ẹni tí mo kọ́ ní pírámárì. Ó ní èèyàn lè lọ sílé ẹjọ́ kí ọlọ́pàá tó mú un, kó ní kí wọ́n má ti òun mọ́lé. Adájọ́ á wo irú ẹ̀sùn náà, á wò ó bóyá ẹni náà ní ilé tí a ti lè rí i, àti bóyá yóò sá. N kò dárúkọ lẹ́tà mi rárá. Mo rò pé ọ̀rọ̀ ẹbí ni.

A gbé ọ̀rọ̀ náà lọ sílé ẹjọ́, wọ́n sún un síwájú lẹ́ẹ̀mejì! Nígbà tó wá kàn wá, lọ́yà ọlọ́pàá gbé bébà kan sókè. Mo rí ìlà tí mo fà sí etí rẹ̀ láti ibi tí mo jókòó sí. Ó ní ọ̀gá Bọ́sẹ̀ ló fún àwọn, pé ẹbí ti jẹ́wọ́, obìnrin náà sì ti sá kúrò ní Oǹdó.

Lọ́yà wa yíjú sí mi. "Tíṣà," ó sọ ọ́ jẹ́jẹ́, "ẹ̀yin lẹ kọ́ wa pé ká ka ìbéèrè dáadáa ká tó dáhùn."

Adájọ́ béèrè ẹni tó kọ lẹ́tà. Mo dìde. Ṣé mo wà níbẹ̀ nígbà tí kòkó sọnù? Rárá. Ṣé Bọ́sẹ̀ ló rán mi? Rárá.

"Bàbá, kí lẹ wá ń bẹ̀bẹ̀ fún?"



Adájọ́ ní òun kò lè sọ pé kí ọlọ́pàá má ṣe iṣẹ́ wọn, ṣùgbọ́n lẹ́tà ẹlòmíràn kì í ṣe ìjẹ́wọ́ Bọ́sẹ̀. Kí Bọ́sẹ̀ àti lọ́yà rẹ̀ yọjú sí tẹ́ṣàn lọ́jọ́ kejì, kí wọ́n má tì í mọ́lé, kí ẹni tó nílé dúró fún un. Ó fi kún un pé ká ní ó ti lọ nígbà tí wọ́n kọ́kọ́ pè é ni, bóyá a kì bá ti dé ọ̀dọ̀ òun rárá. Èmi ni mo dúró fún un.

Kò pé ọ̀sẹ̀ kan tí ọlọ́pàá fi rí àpò mẹ́fẹ̀ẹ̀fà lọ́wọ́ dírẹ́bà ọ̀gá náà gan-an! Ọ̀gá wá sílé mi, ó ní ká má bínú. Bọ́sẹ̀ gbé bébà àti báírò síwájú rẹ̀.

"Ẹ kọ ọ́ sílẹ̀, sà. Àwa náà kọ tiwa."

Ó kọ ọ́.

Ẹ̀yin èèyàn mi, bí ọlọ́pàá bá pè yín, ẹ má sá. Ẹ mú lọ́yà dání, kí ẹ lọ. Ẹ má sì bẹ̀bẹ̀ fún ẹ̀ṣẹ̀ tí ẹnikẹ́ni ò tíì fi hàn pé ẹ ṣẹ̀. Ta ni irú èyí ti ṣẹlẹ̀ sí rí? Ẹ kọ tiyín sísàlẹ̀ níbí ká gbọ́. Ṣùgbọ́n mo bẹ̀ yín, ẹ fi tèmi kọ́gbọ́n.