Ọwọ́ Òsì Lẹ́yìn Aṣọ Sinimá

"Òun nìyẹn!" Ìyá àgbà tó ń gbé ojúlé kejì sí wa ló kígbe bẹ́ẹ̀, tó di ọwọ́ mi mú débi pé ó dùn mí. "Àbúrò mi nìyẹn!"

Mọ́tò sinimá ìjọba ló wá sí Ìsọlọ̀ lọ́jọ́ náà. Wọ́n ta aṣọ funfun kan sáàárín igi méjì, ẹ̀rọ ń kùn, òórùn bẹntiróòlù gba gbogbo ibẹ̀. Fíìmù àtijọ́ ni, kò lóhùn rárá: àwọn ṣọ́jà ogun Jámánì àkọ́kọ́ àtàwọn aláàárù wọn, wọ́n ń rìn, wọ́n ń fọṣọ, wọ́n ń jẹun. Ìyá àgbà yìí ti ní àfi kóun kírun Màgàríbì tán ká tó jáde. Nígbà tá a débẹ̀, iwájú ti kún. Ẹ̀yìn aṣọ la tẹ́ ẹní sí. Àwòrán kúkú ń hàn níbẹ̀ náà.

Gbogbo àdúgbò ló mọ ọ̀rọ̀ àbúrò yìí. Ìyá ló tọ́ ọ. Ọwọ́ òsì ló fi ń jẹun ní kékeré, èèwọ̀ gbáà, ni Ìyá bá ń fi àkísà so ọwọ́ náà mọ́ ọn lẹ́yìn. Ọmọ á sunkún títí oúnjẹ á fi tutù. Nígbà tó dàgbà, wọ́n kó o lọ ru ẹrù ogun ní Kàmẹ́rúùnù. Kò padà wá.

Ojú aláàárù tí Ìyá nàka sí nínú fíìmù náà ò hàn dáadáa. Ọwọ́ ẹ̀ ni Ìyá ń wò.

"Wò ó, òsì ló fi ń jẹun!" Ó ń rẹ́rìn-ín, omi ń dà lójú ẹ̀. "Kò sẹ́ni tó so ó! Lọ bá mi bẹ̀ wọ́n, kí wọ́n tún ibẹ̀ fi hàn."

Mo sáré lọ síwájú. Ọ̀gá tó ń yí ẹ̀rọ yínmú, àmọ́ ó tún un fi hàn. Ibẹ̀ ni mo ti rí i pé ọwọ́ ọ̀tún ni ọkùnrin náà fi ń jẹun. Àwa tá a wà lẹ́yìn aṣọ, òdì là ń wò: ọ̀tún ti di òsì.

Mo padà sórí ẹní.

"Ṣó o rí i dáadáa? Ọwọ́ wo ni?"

Ilé kéú tí mò ń lọ, irọ́ ni wọ́n kọ́kọ́ kọ́ wa pé kò dáa.

"Òsì ni, Ìyá."

"Alihamudulilai." Ó ká ẹní, a sì lọ sílé.

Látìgbà tí mo ti dàgbà, mo ti tọrọ ìdáríjì lórí irọ́ tí mo pa fún ọkọ mi, àtèyí tí mo pa lọ́jà. Èyí tí mo pa fún Ìyá, mi ò tọrọ tiẹ̀ rí. Lọ́jọ́ tí ọmọ mi kejì na ọwọ́ òsì sáwo, bàbá ẹ̀ gbé pàṣán. Mo gbà á lọ́wọ́ ẹ̀. Mo ní, "Ẹ jẹ́ ó jẹun."