Arlo Benesch Kì Í Ṣí Géètì

Ó yẹ kí n kọ́kọ́ fi tó yín létí, pẹ̀lú gbogbo ọ̀wọ̀ tó tọ́ sí irú ọ̀rọ̀ bẹ́ẹ̀, pé Arlo Benesch kì í ṣí géètì. Kì í ṣe pé kò mọ bí wọ́n ṣe ń ṣí i o. Ó ń fò ó ni. Ẹsẹ̀ òsì á ṣáájú, apá á nà síwájú bí ẹni tó fẹ́ gba lẹ́tà, ẹsẹ̀ ọ̀tún á tẹ̀ lé e, ọkùnrin náà ti bọ́ sí òdìkejì. Bó ṣe ń wọ ọgbà màlúù rẹ̀ nìyẹn, bẹ́ẹ̀ náà ló sì ṣe ń wọ itẹ́ òkú nígbà tá a bá lọ sin èèyàn. Fadá tó kọ́kọ́ rí i tó fo irin iwájú pẹpẹ kọ̀wé sí bíṣọ́ọ̀bù. Bíṣọ́ọ̀bù fèsì pé ṣé ó fara kan irin náà ni. Kò fara kàn án. Ọ̀rọ̀ parí síbẹ̀.

Ọ̀dọ̀ Emil bàbá rẹ̀ ló ti kọ́ ọ. Géètì mẹ́sàn-án ló wà láàárín ilé Emil àti ibi tí màlúù rẹ̀ ti ń jẹko, òfin Emil sì ni pé ẹni tó bá ṣí géètì ló máa tì í. Arlo ò ju ọmọ ọdún mẹ́sàn-án lọ tó fi yé e pé ẹni tí kò bá ṣí i kò ní ohun tó fẹ́ tì. Nígbà tó fi máa dé ilé-ẹ̀kọ́ girama, kò sí ọmọ kankan ní gbogbo Nebraska tó lè bá a sáré fo ìdènà, àwọn igi tí wọ́n ń tò sójú ọ̀nà eré ìje yẹn. Ọdún méjì tó tẹ̀ léra ló gba ipò kìíní ní ìpínlẹ̀, ìdènà kan ò sì wó lẹ́sẹ̀ rẹ̀ rí.

Ohun tó kàn ni pé ní Plum Fork tiwa, eré ìje kì í ṣe eré. Àwọn ìyá àwọn tó ń sáré nìkan ló ń lọ wò ó, àti ẹni tí ajá rẹ̀ bá sọnù. Bọ́ọ̀lù ni eré, bọ́ọ̀lù tiwa yìí, tí èèyàn ń gbá mọ́ àyà sáré, tí àwọn tó kù ń wá bí wọ́n ṣe máa dá a dùbúlẹ̀. Nítorí náà Kóòṣì Gerdes gbé bọ́ọ̀lù fún Arlo, ó ní kó má wulẹ̀ ronú, kó ṣáà máa sáré. Arlo kò ronú.

Ìdíje tó kù kan ká dé àṣekágbá ni ọ̀rọ̀ ti bẹ́yìn yọ. Àwọn ọmọ Stroud Center fi ayò mẹ́rin jù wá, ìṣẹ́jú kan kò sì kù mọ́. Arlo gba bọ́ọ̀lù, ó yọ lọ́wọ́ ẹni méjì, ó kù ẹyọ ọmọkùnrin kan tó dúró ṣánṣán síwájú ìlà tí bọ́ọ̀lù gbọ́dọ̀ kọjá, tó na apá méjèèjì. Ẹlòmíì á rí ọmọkùnrin. Géètì ni Arlo rí. Ó fo ọmọ náà kọjá, ó sì gbé bọ́ọ̀lù wọlé, ayò mẹ́fà lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo. Àwọn onífèrè ti bẹ̀rẹ̀ sí í fọn fèrè, Fadá ti dì mọ́ pásítọ̀ àwọn Lútérù, ohun tá ò rí rí tá ò sì tún rí mọ́, kó tó di pé ojú wa kan àkísà aláwọ̀ ìyeyè tó wà lórí koríko.

Rẹfirí ló jù ú síbẹ̀, àmì pé ẹnì kan ti ṣẹ̀ sófin eré. Orville Tietjen lorúkọ rẹ̀, ìlú kejì ló ti wá. Ó ṣàlàyé, ohùn rẹ̀ ò lọ sókè, kò lọ sílẹ̀, pé nínú bọ́ọ̀lù ilé-ẹ̀kọ́ girama, a kì í fo èèyàn tó bá wà lórí ìdúró. Ó fagi lé ayò wa, ó dá wa padà sẹ́yìn ní ìṣísẹ̀ mẹ́ẹ̀ẹ́dógún. Àsìkò tán. Wọ́n nà wá.

Lọ́sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, Tietjen fi ìwé òfin ránṣẹ́ sí ilé ìkàwé wa, ó ṣẹ́ etí ojú ewé tó kàn wá. Ẹni tó ń tọ́jú ìwé nígbà náà tò ó sáàárín ìwé ààlọ́ àwọn ọmọdé. Ibẹ̀ ló wà fún ọ̀pọ̀ ọdún. Iṣẹ́ tí ọkùnrin náà sì ń fi jẹun ni pé ó ń ta ìwé adójútòfò fún àgbẹ̀ nítorí yìnyín tó ń ba àgbàdo jẹ́. Fún odidi ọdún méjìdínlógójì, ẹyọ ẹnì kan kò ra ìwé yìnyín lọ́wọ́ rẹ̀ ní Plum Fork. Ẹ̀ẹ̀mọ́kànlá ni yìnyín já lù wá láàárín ìgbà náà. A ò kábàámọ̀.

Arlo lọ sí kọ́lẹ́ẹ̀jì, bọ́ọ̀lù ló sì gbé e wọbẹ̀. Ní kọ́lẹ́ẹ̀jì, òfin fàyè gbà á: fo ẹni tó bá wù ọ́. Ọkọ̀ mẹ́ta la kún láti lọ wo ẹni tó kọ́kọ́ máa fò. Kò fo ẹnì kankan. Ọdún mẹ́rin gbáko ló fi gbá bọ́ọ̀lù níbẹ̀, kò sì fo ẹyọ ẹnì kan. Tí ẹni kan bá ti dúró síwájú rẹ̀, á gé ìṣísẹ̀ rẹ̀ kúrú, á wo ọ̀tún, á wo òsì, á máa wá àkísà ìyeyè, ìgbà yẹn ni wọ́n á wá gbé e ṣubú. Nígbà tó délé, ó ní wọ́n kọ́ àwọn níbẹ̀ láti máa fara balẹ̀. A mi orí. Lẹ́yìn náà la sọ fún àwọn ọmọ wa pé ó fo èèyàn mọ́kànlá níbẹ̀, mẹ́ta nínú wọn lẹ́ẹ̀kan náà. Arlo ò fìgbà kan sọ bẹ́ẹ̀. Kò ṣáà tíì rí àyè sọ pé kò rí bẹ́ẹ̀.

Lọ́dún tó kọjá la ṣe pápá eré ìje tuntun sí ilé-ẹ̀kọ́ wa. Darlene Kumpf, alága ìgbìmọ̀ ilé-ẹ̀kọ́, ní orúkọ Arlo la máa fi pè é, ọjọ́ àsè àwọn akẹ́kọ̀ọ́ àtijọ́ la sì máa ṣí i, lọ́jọ́ Sátidé tó kẹ́yìn oṣù Karùn-ún, nígbà tí gbogbo ẹni tó jáde níbẹ̀ rí máa ń wálé wá jẹ ọbẹ̀ ẹ̀wà ẹlẹ́ran àti búrẹ́dì aládùn tí wọ́n ká bí ìkarahun ìgbín. Ó ní a ò ní gé rìbọ́ọ̀nù. Arlo máa fo ìdènà kan, bó ṣe ga tó láyé ìgbà náà. Tí kò bá sì fẹ́ fò, ilé-iṣẹ́ ajílẹ̀ tó fún wa ní àga ìjókòó pápá ti ní kí wọ́n fi orúkọ tàwọn sí i.

Ohun tí Darlene ò mọ̀ ni pé ní oṣù Kejì, tí Arlo sọ fún gbogbo ìlú pé òun lọ pẹja ní Minnesota, wọ́n ń ṣiṣẹ́ abẹ fún un ni. Orúnkún òsì rẹ̀ ti di irin. Dókítà sọ ọ́ láìfọ̀rọ̀ bọpo bọyọ̀: ọjọ́ tó bá fo ohunkóhun, kó ti ra ọ̀pá ìtilẹ̀ sílẹ̀, torí kò ní rìn láìsí ọ̀pá mọ́ láyé. Oṣù mẹ́ta ló ti ń dúró kí ojú ọ̀nà dá kó tó ṣí géètì ara rẹ̀ bí olè.

"Sọ fún wọn," ni Twila ìyàwó rẹ̀ wí.

"Kí n sọ kí ni?"

"Pé orúnkún rẹ ti dirin."

"Twila, ṣé o fẹ́ kí wọ́n fi orúkọ ajílẹ̀ pe ibi tí mo ti sáré?"

"Ajílẹ̀ ò ní bá mi tì ọ́ lórí kẹ̀kẹ́ arọ, Arlo."

 Arlo lọ wá bàtà eré rẹ̀ àtijọ́.

Ìyàwó mi ni àbúrò Twila, òun ló sì fi ọkọ̀ gbé e lọ sílé Orville Tietjen, ìdí nìyẹn tí ọ̀rọ̀ náà fi dé etí mi. Bàbá náà ti pé ọdún mẹ́rìnlélọ́gọ́rin. Kò sẹ́ni tó wá sílé rẹ̀ láti Plum Fork rí, nítorí náà ó kọ́kọ́ béèrè ẹni tó kú.

"Kò sẹ́ni tó kú, Bàbá," ni Twila wí. "Àkísà ìyeyè yín ọjọ́sí, ṣé ó ṣì wà?"

"Ọmọ mi, ó ti pé ọdún méjìdínlógójì tí ìlú yín ti ń bú mi. Kí lẹ tún fẹ́?"

"Kí wọ́n bú yín lẹ́ẹ̀kan sí i, ẹ jọ̀ọ́, Bàbá."

Ó gbọ́ ọ̀rọ̀ náà dé ìdí, ó ronú díẹ̀, ó wá béèrè bóyá búrẹ́dì aládùn máa wà.

Lọ́jọ́ náà, Arlo jáde nínú jákẹ́ẹ̀tì ilé-ẹ̀kọ́ rẹ̀, èyí tó ti bá ikùn rẹ̀ jà tó sì fìdí rẹmi. Gene Sobotka tó ni ilé ọtí dúró sẹ́gbẹ̀ẹ́ ìdènà, ó ń béèrè bóyá ká gbé àkàbà wá fún un.

"Kọ́kọ́ gbé ikùn tìẹ kúrò ńbẹ̀ ná," ni Arlo wí, "kí n rí ìdènà."

A rẹ́rìn-ín. Twila ò rẹ́rìn-ín. Ó ti ṣílẹ̀kùn ọkọ̀ sílẹ̀, ó sì ń wo orí àga ìjókòó tó wà lẹ́yìn pápá.

Arlo gbéra. Ìṣísẹ̀ mẹ́wàá, méjìlá, ìdènà ń sún mọ́ ọn. Fèrè dún. Àkísà ìyeyè kan fò wá láti orí àga ìjókòó, ó sì balẹ̀ síwájú ìdènà. Ara tí kọ́lẹ́ẹ̀jì ti kọ́ lẹ́kọ̀ọ́ kò gbàgbé: Arlo gé ìṣísẹ̀ rẹ̀ kúrú, ó wo ọ̀tún, ó wo òsì, ó dúró gbagidi.

Tietjen dìde, ó fọwọ́ júwe ohun kan tí ẹnikẹ́ni nínú wa ò mọ̀.

"Ẹ̀ṣẹ̀," ló wí. "Ìṣísẹ̀ mẹ́ẹ̀ẹ́dógún sẹ́yìn."

Ohun tí a fi bú bàbá náà kò ṣeé kọ sínú ìwé. Darlene gun orí àga, ó ní wọ́n ti ṣe é fún wa lẹ́ẹ̀kan, wọn ò lè ṣe é lẹ́ẹ̀kejì. Arlo ló gbọ́wọ́ sókè. Ó ní rẹfirí ni rẹfirí. Ó yí padà, ó ka ìṣísẹ̀ mẹ́ẹ̀ẹ́dógún sẹ́yìn pẹ̀lú iyì, kò sì dúró ńbẹ̀, ó ń rìn lọ títí tó fi débi ìkòkò ọbẹ̀. Orí ìdúró la ti dìbò pé kí orúkọ Arlo ṣì wà lórí pápá náà. Kò sọ́wọ́ tí kò sókè, títí kan ti oníléeṣẹ́ ajílẹ̀. Wọ́n ti kan pátákó orúkọ Arlo mọ́gi kí ọbẹ̀ tó tutù. Tietjen jẹ búrẹ́dì mẹ́ta, òun nìkan nídìí tábìlì.

Láti ọjọ́ náà, Arlo ń ṣí géètì ní gbangba. Ó ní òun ò ní fo ohunkóhun mọ́ títí wọ́n fi máa yí ẹjọ́ yẹn padà. Ìwà akin yìí wọ̀ wá lára gan-an, débi pé Gene Sobotka náà ti ń ṣí géètì tiẹ̀ tìbínú-tìbínú, Gene tí kò fo nǹkan kan rí láti ìgbà tí wọ́n ti bí i. Darlene sì ti lọ yọ ìwé òfin jáde láàárín ìwé ààlọ́, kó lè kọ ìwé ẹ̀hónú sí ìpínlẹ̀. Ó ti kà á lẹ́ẹ̀mejì, kò tíì rí ibi tó kàn. Ó ní kí n bá òun béèrè lọ́wọ́ ẹ̀yin tẹ́ ẹ mọ̀wé: nígbà tí kò sí ẹnikẹ́ni níwájú ọkùnrin náà bí kò ṣe igi, ẹ̀ṣẹ̀ wo gan-an ló ṣẹ̀?