Ẹ̀rọ Géèmù Bàbá Déọlá Kì Í Gbọ́ Ti Ẹlòmíì

Bí ẹ bá dé àdúgbò Mólípa ní Ìjẹ̀bú-Òde, tí ẹ dárúkọ olóògbé Ernest Ọnàfowókàn, tí gbogbo ènìyàn ń pè ní Bàbá Déọlá, ọ̀rọ̀ ọjọ́ tó fi pásítọ̀ ṣe òpó wáyà ni wọ́n máa kọ́kọ́ sọ fún yín.

Pásítọ̀ Micah ṣẹ̀ṣẹ̀ dé ìjọ wọn ni. Wọ́n ti ta á lólobó pé bàbá kan wà tí kì í wá sí ẹ̀kọ́ Bíbélì ọ̀sán Sátidé, pé tíṣà tó ti fẹ̀yìn tì ni, pé géèmù ọmọdé ló ń fi ṣeré nílé. Pásítọ̀ múra ìbáwí, ó há Bíbélì mọ́ abíyá, ó wọlé. Ẹ̀yìn tẹlifíṣọ̀n ló ti bá Bàbá Déọlá, ìdí ló kọ sí ẹnu ọ̀nà.

"Ẹ kú ọ̀sán o, sà. Èmi ni pásítọ̀ tuntun tí wọ́n gbé wá..."

"Mo gbọ́. Ẹ gbé Bíbélì yẹn sílẹ̀, kí ẹ wá bá mi di wáyà yìí mú."

Ọmọlúàbí ni Pásítọ̀ Micah. Ó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀, ó di wáyà mú. Lójú ẹsẹ̀ ni àwòrán hàn kedere. Bàbá Déọlá jókòó, ó gbé páádì, ó bẹ̀rẹ̀ sí í ta géèmù rẹ̀ lọ. Nígbà tó yá, ẹ̀yìn bẹ̀rẹ̀ sí í ro pásítọ̀. Ó mira díẹ̀, àwòrán dàrú.

"Pásítọ̀! Ẹ̀ ń gbọ̀n. Ẹni tó ní ìgbàgbọ́ kì í gbọ̀n."

"Sà, mo wá bá yín sọ̀rọ̀ nípa bí ẹ kì í ṣe wá sí..."

"Ẹ máa sọ ọ́, mò ń gbọ́. Ẹ ṣáà má gbé ọwọ́."

Ẹ̀yìn tẹlifíṣọ̀n náà ni Pásítọ̀ Micah ti wàásù, ibẹ̀ náà ló ti gba àdúrà ìparí. Bó ṣe ní kí àwọn gbé ọwọ́ sókè sí Olúwa báyìí, Bàbá Déọlá figbe ta: "Ẹ̀yin kọ́ o! Èmi ni màá gbé tèmi fún àwa méjèèjì."

Ọmọ Ìbẹ̀fún ni Bàbá Déọlá, jọ́gíráfì ló sì fi gbogbo ayé rẹ̀ kọ́ni. Nígbà tí àwọn ọmọ rẹ̀ wà ní kékeré ló ra ẹ̀rọ géèmù náà fún wọn, irú èyí àtijọ́ tí wọ́n ń ki kásẹ́ẹ̀tì oníke bọ̀ lórí. Àwọn ọmọ dàgbà, wọ́n fò lọ. Bàbá wọn ni kò dàgbà.

Kò sí ẹni tó gbọ́dọ̀ tan ẹ̀rọ yìí bí kò ṣe òun. Bí àlejò bá fẹ́ ràn án lọ́wọ́, tó yọ kásẹ́ẹ̀tì, tó fi ẹnu fẹ́ ẹ bí gbogbo ayé ṣe máa ń ṣe, ó parí.

"Ṣé ẹ̀kọ gbígbóná ni, tí o fi ń fẹ́ ẹ? Itọ́ lo ń tú sí i yẹn! Ẹ ó fẹnu ba nǹkan jẹ́ tán, ẹ ó ní ayé ló bàjẹ́."

Òwú àti sípírítì lòun fi ń nu eyín kásẹ́ẹ̀tì ní tirẹ̀. Á ti kásẹ́ẹ̀tì bọ ihò dé ìdajì, á dúró, á wá tẹ̀ ẹ́ wọlẹ̀, á gbé agolo mílíìkì lé e lórí kó má baà ta sókè. Lẹ́yìn náà ni yóò yí ẹ̀rọ kúrò lọ́gangan fèrèsé, nítorí ó ní atẹ́gùn tó ń ti ọ̀nà Ìjẹ̀bú-Ifẹ̀ bọ̀ ní ọ̀rinrin nínú.

"Bàbá Déọlá, báwo lẹ ṣe mọ ibi tí atẹ́gùn ti ń bọ̀?" Alàájì Síkírù ló béèrè, aládùúgbò rẹ̀ tó ń ta irin ìkọ́lé ní òdìkejì títì.

"Jọ́gíráfì ni. Ẹni tó ń ta irin ò lè mọ̀ ọ́n."

Ká má parọ́ mọ́ òkú, ọ̀pọ̀ nínú ètùtù yìí ò wúlò fún nǹkan kan. Ẹ̀rọ náà ṣì máa ń kọṣẹ́ nígbà tó bá wù ú. Bó bá ṣiṣẹ́, ọgbọ́n Bàbá Déọlá ni. Bó bá kọ̀, ẹnì kan ló wò ó ní ìwòkuwò. Helen ìyàwó rẹ̀, tó ṣe nọ́ọ̀sì títí tó fi fẹ̀yìn tì, ò jẹ́ gba pálọ̀ kọjá bí wọ́n bá ń tan ẹ̀rọ. Ẹ̀yìnkùlé ló ń gbà wọ yàrá ara rẹ̀.

Ìgbà kan wà tí ẹ̀rọ náà kú fin-ín-fin-ín. Bàbá Déọlá nù ún, ó tẹ̀ ẹ́, ó yí i, ó bú u, iná pupa iwájú rẹ̀ ò tàn. Jọmílójú, ọmọ àbúrò rẹ̀ tó ń kàwé ní yunifásítì ní Ìjagun, bá wọn níbẹ̀. Ó fọwọ́ kan ádápítọ̀ tó wà lára ògiri.

"Bàbá, ádápítọ̀ yìí tutù bí omi. Ó jọ pé ó ti jó. Ẹ jẹ́ ká fi òmíì dán an wò."

"Ìwọ tí ò ń kọ́ nípa ewé àti kòkòrò, kí lo mọ̀ nípa iná?"

Jọmílójú lọ tú ti rédíò Helen wá, ó ka ohun tí wọ́n kọ sí i lára, ó rí i pé òun àti ti géèmù bára mu, ó tì í bọ ẹ̀yìn ẹ̀rọ. Iná pupa tàn, orin géèmù bú jáde. Gbogbo ilé ń wo ẹnu bàbá.

"Mo ti mọ̀ láti àárọ̀," ni Bàbá Déọlá wí. "Mo kàn fẹ́ wò ó bóyá o máa ń fetí sílẹ̀ ní kíláàsì ni."

Àánú rẹ̀ ṣe Déọlá àkọ́bí rẹ̀ tó wà ní Kánádà, ló bá fi ẹ̀rọ géèmù tuntun ránṣẹ́ sí i. Bàbá tú páálí, ó yí ẹ̀rọ náà síwá, ó yí i sẹ́yìn, ó wá ihò kásẹ́ẹ̀tì tì.

"Helen, wá wo àrà! Wọ́n ṣe ohun tó fẹ́ jẹun, wọn ò ṣe ẹnu sí i."

Nígbà tí wọ́n tàn án, ẹ̀rọ náà ní kí wọ́n so òun mọ́ íńtánẹ́ẹ̀tì, kí wọ́n sì dúró kí òun fi gba nǹkan wọlé. Wọ́n dúró títí iná fi lọ. Bàbá Déọlá dì í padà sínú páálí rẹ̀. "Ohun tó ń tọrọ àyè lọ́wọ́ ará ibòmíì kó tó ṣeré, ẹrú ni, kì í ṣe ẹ̀rọ."

Déọlá pè lórí fóònù lẹ́yìn ìyẹn. "Dádì, ṣé ẹ̀ ń lo nǹkan tí mo fi ránṣẹ́?"

"Lójoojúmọ́! Láìsí i, n kì bá máa rí tẹlifíṣọ̀n wò dáadáa."

Kò parọ́. Orí páálí náà ló gbé tẹlifíṣọ̀n lé.

Alàájì Síkírù nìkan ló lè bá a ta géèmù kó má sunkún lọ ilé. Bọ́ọ̀lù ni wọ́n máa ń gbá, ní gbogbo Sátidé, tí Alàájì bá ti kírun Àílà tán. Ṣùgbọ́n nǹkan kan ń ṣẹlẹ̀. Bí Alàájì bá ti fẹ́ gbá bọ́ọ̀lù wọlé báyìí, ojú tẹlifíṣọ̀n á ṣú.

"Ẹ wò ó, ẹ̀rọ ti kọsẹ̀," Bàbá Déọlá á ní. "A ó tún un bẹ̀rẹ̀ ni."

Lọ́jọ́ kan, Alàájì ò wo tẹlifíṣọ̀n mọ́. Ilẹ̀ ló ń wò. Ló bá rí àtàǹpàkò ẹsẹ̀ ọ̀rẹ́ rẹ̀ tó kọ́ wáyà bí ìwọ̀ ẹja.

"Bàbá Déọlá, kí ni ẹsẹ̀ yín ń wá nídìí wáyà?"

"Ó ń sinmi."

"Ìsinmi tó ń pa iná?"

"Alàájì, bí ẹ bá mọ bọ́ọ̀lù gbá ni, ẹ ò ní ráyè máa wo ẹsẹ̀ ẹlẹ́sẹ̀."

Alàájì gbé páádì sílẹ̀, ó wọ bàtà rẹ̀, ó sọdá títì lọ. Òjò lọ, ẹ̀ẹ̀rùn dé, wọn ò kí ara wọn. Bàbá Déọlá wá ń dá bọ́ọ̀lù gbá, ó ń na ara rẹ̀, ó sì ń fi ara rẹ̀ ṣe yẹ̀yẹ́. Helen ní gbogbo èébú tó yẹ kó máa lọ sí ilé Alàájì, òun nìkan ló wá ń gbà á.

Helen náà ló mú ìròyìn wálé ní ọ̀sán ọjọ́ kan. Ó ní àrùn rọpárọsẹ̀ ti kọlu Alàájì Síkírù, pé ẹnu rẹ̀ wọ́, pé ọwọ́ ọ̀tún ò ṣiṣẹ́. Wọ́n fún un ní bọ́ọ̀lù rọ́bà kó máa fọwọ́ tẹ̀ ẹ́ kí ìka rẹ̀ lè jí, ó sọ ọ́ gba ojú fèrèsé. Ó kọjú sí ògiri, kò bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀.

"Mo ti rí irú ẹ̀ rí lẹ́nu iṣẹ́," Helen wí. "Bí kò bá lo ọwọ́ yẹn nísinsìnyí, bó ṣe máa wà nìyẹn o."

Bàbá Déọlá tú gbogbo wáyà, ó fi wọ́n kọ́ ọrùn, ó gbé ẹ̀rọ mọ́ àyà, ó sọdá títì. Mùínátù, ìyàwó Alàájì, ló ṣílẹ̀kùn.

"Ẹ jọ̀ọ́, sà, wọ́n ní àwọn ò fẹ́ rí ẹnikẹ́ni."

"Èmi kì í ṣe ẹnikẹ́ni. Tẹlifíṣọ̀n yín dà?"

Ó to ẹ̀rọ náà pọ̀ níwájú aláìsàn, ó tàn án. Kò tàn. Ó fi òwú nù ún, kò tàn. Ó tọrọ agolo mílíìkì lọ́wọ́ Mùínátù, ó yí ẹ̀rọ kúrò lójú fèrèsé, kò tàn. Òógùn bò ó. Alàájì rọra yí ojú kúrò lára ògiri. Bàbá Déọlá wo ọ̀tún, ó wo òsì, ó kẹ̀yìn sí wọn, ó yọ kásẹ́ẹ̀tì, ó sì fi gbogbo ẹnu fẹ́ ẹ: fùúù! Ó dá a padà. Orin géèmù bú jáde.

Ohùn kan dún lórí àga. Alàájì ló ń fi ẹnu wíwọ́ rẹ́rìn-ín.

"Ẹ fẹ́ ẹ!"

"N kò fẹ́ nǹkan kan. Mo mí ni."

"Ẹ fẹ́ ẹ. Mo rí yín."

"Ẹ gba páádì, kí ẹ yé pariwo. Ọwọ́ ọ̀tún ni o. Ẹ jẹ́ ká wò ó bóyá ẹ lè burú ju bí ẹ ṣe wà tẹ́lẹ̀ lọ."

Láti ọjọ́ náà, kò sí ọjọ́ tí Bàbá Déọlá ò lọ síbẹ̀. Mùínátù ní òun ò rí ẹni tó ń bú aláìsàn tó bẹ́ẹ̀ rí. "Ṣé bọ́tìnnì lẹ̀ ń tẹ̀ ni, àbí ẹ̀ ń kí i? Gólì ló wà níwájú yín yẹn, kì í ṣe àna yín. Ẹ gbá a!" Inú á bí Alàájì, á sì tẹ̀ ẹ́. Àtàǹpàkò ló kọ́kọ́ jí, àwọn ìka yòókù tẹ̀ lé e níkọ̀ọ̀kan. Lọ́jọ́ tí Alàájì gbá bọ́ọ̀lù wọlé tó sì borí, Mùínátù pariwo "Alihamudulilahi!" Bàbá Déọlá ju páádì sílẹ̀, ó ní ẹ̀rọ náà ti bàjẹ́ pátápátá. Ṣùgbọ́n Helen tó dúró lẹ́nu ọ̀nà rí i pé orí àga ló ká ẹsẹ̀ rẹ̀ méjèèjì sí láti ìbẹ̀rẹ̀ dé òpin.

Alàájì fẹ́ dúpẹ́ lọ́jọ́ náà. Bàbá Déọlá ò jẹ́ kó bẹ̀rẹ̀.

"Ẹ pa ọpẹ́ yín mọ́. Bọ́ọ̀lù tí ẹ gbá bí ẹni tó ń wá abẹ́rẹ́ nínú yanrìn, òun lẹ fẹ́ torí ẹ̀ dúpẹ́?"

Ìgbàkígbà tí Alàájì bá tún gbìyànjú rẹ̀, èébú mìíràn ló ń gbà. Bó ṣe di pé kò dúpẹ́ rárá nìyẹn.

Kò sí àìsàn tó ṣe Bàbá Déọlá kó tó kú. Ó sùn lọ́sàn-án ni, kò jí. Ìbẹ̀fún ni wọ́n gbé e lọ sin. Àwọn èrò rẹ́rìn-ín lọ́jọ́ náà ju bó ti yẹ ní ibi òkú lọ, nítorí kò sí ẹni tí kò ní èébú kan tí olóògbé bú u, oníkálùkù sì ń yangàn pé tòun ló dùn jù. Déọlá tó ti Kánádà dé rẹ́rìn-ín títí tó fi di ẹkún, ìyá rẹ̀ sì fà á mọ́ra.

Nígbà tó kan àwọn ọ̀rẹ́ láti da iyẹ̀pẹ̀ sí sàréè, Mùínátù fẹ́ bá ọkọ rẹ̀ bu tirẹ̀. Alàájì Síkírù mi orí. Ó bẹ̀rẹ̀ fúnra rẹ̀, ó na ọwọ́ ọ̀tún, ó bu ẹ̀kúnwọ́ kan, ó sì rọra ṣí ìka rẹ̀ níkọ̀ọ̀kan lórí ihò náà.

"Ẹ ṣeun, ọ̀rẹ́ mi," ló wí.

Ó dúró díẹ̀ bí ẹni tó ń retí èsì. Nígbà tí kò gbọ́ nǹkan kan, ó gbọn ọwọ́ rẹ̀ nù, ó kúrò níbẹ̀ kí ẹlòmíì lè ráyè.