Alágbàfọ̀ àti Àbúrò Rẹ̀ Oníkẹ́tùlù

Bí ẹ bá dé ojúlé Alágbàfọ̀ láàárọ̀, ooru áyọ́ọ̀nù ni yóò kọ́kọ́ kí yín kí òun fúnra rẹ̀ tó kí yín, ìyẹn bó bá tilẹ̀ kí yín. Yàrá iwájú ni ibi iṣẹ́ rẹ̀. Tábìlì gígùn kan wà níbẹ̀ tó fi bùláńkẹ́ẹ̀tì àtijọ́ bò, okùn wà tó ta láti ògiri kan dé èkejì, ṣẹ́ẹ̀tì àwọn òṣìṣẹ́ ọ́fíìsì so rọ̀ lórí rẹ̀, abọ́ sítáàṣì sì wà lẹ́bàá ilẹ̀kùn níbi tí aláìfarabalẹ̀ máa ń ki ẹsẹ̀ bọ̀. Bí ẹ bá ki ẹsẹ̀ bọ̀ ọ́, ó ti bá yín. Obìnrin náà lẹ́nu. Ó lè wo kọ́là ṣẹ́ẹ̀tì yín kó sọ irú ẹni tí ẹ jẹ́, kò sì ní sọ èyí tó dáa níbẹ̀.

Ṣùgbọ́n gbogbo èébú tó ń bú oníbàárà, eré lásán ni lẹ́gbẹ̀ẹ́ èyí tó ń bú àbúrò rẹ̀ ọkùnrin tó ń gbé yàrá ẹ̀yìn.

Ayàwòrán ni àbúrò yìí. Ẹ má tíì bá a yọ̀. Nígbà tí àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ ń ya olówó nínú àga ọlọ́lá, tí wọ́n ń ya ọ̀gágun lórí ẹṣin, tí wọ́n ń ya ìyàwó tuntun tòun ti òdòdó lọ́wọ́, kẹ́tùlù ni òun ń yà. Kẹ́tùlù, ife, ìgò òróró tó ti ṣófo, àlùbọ́sà, ọ̀bẹ. Bó bá yà á tán, á sún ìgò sí apá òsì díẹ̀, á tún bẹ̀rẹ̀ látìbẹ̀rẹ̀. Gbogbo àdúgbò ló ń pè é ní Oníkẹ́tùlù, kò sì sí ẹni tó ń fi orúkọ náà yẹ́ ẹ sí.

Ó wá ní ìṣe kan tó ń mú kí orí ẹ̀gbọ́n rẹ̀ gbóná. Ohun tí kò bá sí níwájú rẹ̀, kò lè yà á. Kì í yàwòrán láti inú orí. Bó bá ti gbé kẹ́tùlù kalẹ̀ báyìí, á fi ṣọ́ọ̀kì fa ìlà yí ìdí rẹ̀ ká lórí tábìlì kó má bàa yẹ̀, ẹnikẹ́ni kò sì gbọ́dọ̀ fọwọ́ kàn án mọ́ títí yóò fi parí. Kẹ́tùlù ta ni? Ti Alágbàfọ̀ ni!

"Ṣé orí ẹ pé ṣá?" lobìnrin náà máa ń bi í látẹnu ọ̀nà. "Kí n máa fi ìkòkò ọbẹ̀ se omi tíì torí pé kẹ́tùlù ń sinmi?"

"Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ jọ̀ọ́, ó ku díẹ̀."

"Ó ku díẹ̀! Kí ló kù lára kẹ́tùlù? Ó lọ́wọ́, ó lẹ́nu, ó ní ìdérí. Ó parí!"

Á wá pòṣé, irú èyí tí ará ilé kejì ń gbọ́, á padà sídìí áyọ́ọ̀nù rẹ̀. Bí oníbàárà bá ń rẹ́rìn-ín, á ní, "Ẹ máa rẹ́rìn-ín o. Wèrè dùn-ún wò, kò ṣe é bí lọ́mọ. Èmi ò bí tèmi, àbúrò mi ni, ẹ sì wo ibi tó bá mi dé."

Ẹ lè máa rò pé nítorí kẹ́tùlù nìkan ni. Rárá o. Ọ̀rọ̀ náà jinlẹ̀ ju kẹ́tùlù lọ.

Nígbà tí bàbá wọn kú, òun tó jẹ́ àkọ́bí ló fi ilé ìwé sílẹ̀ tó bá ìyá rẹ̀ dúró nídìí aṣọ fífọ̀, kí ọkùnrin yìí lè lọ kọ́ṣẹ́ àwòrán tó ní òun fẹ́ràn. Omi ọṣẹ ti jẹ ìka rẹ̀ kó tó mọ ohun tí wọ́n ń pè ní ọ̀dọ́mọbìnrin. Ó lọ́kọ, ọkọ kú. Ó bímọ, àwọn ọmọ lọ síbi iṣẹ́ wọn, wọ́n ń kí i nígbà tí wọ́n bá rántí. Kò ráhùn. Ohun kan ṣoṣo ló tọrọ lọ́wọ́ àbúrò rẹ̀ láyé, ìgbà tí ìyá wọn dùbúlẹ̀ àìsàn tí kò dìde mọ́ ló sì tọrọ ẹ̀. Ìyá kò ní fọ́tò. Ẹyọ kan tí wọ́n yà fún un nígbà èwe, òjò jò sí i lára lórí ògiri, ojú sì bó kúrò nínú ẹ̀ pátápátá.

"Ìwọ lo mọ̀ ọ́n yà," ló sọ fún àbúrò rẹ̀ nígbà náà. "Ya ojú Ìyá fún wa kó tó pẹ́ jù. Mi ò bẹ̀ ọ́ rí. Mo bẹ̀ ọ́ báyìí."

Àbúrò gbà. Ó gbé àpótí ọ̀dà wọ yàrá, ó jókòó ti bẹ́ẹ̀dì, ó tilẹ̀kùn. Alágbàfọ̀ ń yọ́ ẹsẹ̀ gbé ní ọ̀dẹ̀dẹ̀ kí ilẹ̀ má bàa mì. Ọjọ́ tí ìyá kú gan-an lọmọkùnrin náà gbé iṣẹ́ rẹ̀ jáde. Kí lẹ rò pé ó yà? Ife tánganran lórí àpótí, ṣíbí nínú ife, aṣọ ìnura tí wọ́n ká sẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Ìyá kò sí níbẹ̀. Ìrọ̀rí rẹ̀ pàápàá kò sí níbẹ̀.

"Ojú wọn ò dúró sójú kan," ló wí. "Bí mo bá ti wò wọ́n, wọ́n á ti yí padà. Ife nìkan ló dúró fún mi."

Òkú wà nílẹ̀, ìyẹn ni Alágbàfọ̀ ò ṣe gbá a létí. Ṣùgbọ́n láti ọjọ́ náà ni ẹ̀gàn àbúrò rẹ̀ ti wọ̀ ọ́ lára. Ó ń gbọ́únjẹ fún un, ó ń fọṣọ rẹ̀, ó ń yínmú sí i.

Ibi tí ọ̀rọ̀ wá di ẹlẹ́yà nìyí. Olùkọ́ kan wà ní ilé ẹ̀kọ́ àwòrán, ọ̀kan nínú àwọn oníbàárà Alágbàfọ̀, ẹni tí ọ̀dà kì í tán ní apá ṣẹ́ẹ̀tì rẹ̀. Ó wá gba aṣọ lọ́jọ́ kan, ó rí àwòrán ife náà níbi tó fara ti ògiri lẹ́yìn apẹ̀rẹ̀ aṣọ. Ó dúró. Ó gbé ṣẹ́ẹ̀tì tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ lọ̀ há abíyá títí ó fi rún. Lẹ́yìn náà ló bẹ̀bẹ̀ pé kí wọ́n yá òun.

"Ẹ gbé e lọ," ni Alágbàfọ̀ wí. "Ẹ má sì dá a padà."

Olùkọ́ gbé e lọ, ó fi han akẹ́kọ̀ọ́, akẹ́kọ̀ọ́ fi ránṣẹ́ sí akẹ́kọ̀ọ́. Kò pẹ́ tí ilé ọ̀hún fi kún fún àwọn onírùngbọ̀n tí kò mú aṣọ kankan wá fọ̀. Yàrá ẹ̀yìn ni wọ́n ń bọ̀ wá wò. Olùkọ́ wá kà á sí iṣẹ́ ara rẹ̀ láti la Alágbàfọ̀ lóye.

"Màmá," ló wí, "gbogbo wa la rò pé àwòrán ò lè dáa àfi kó jẹ́ ti ẹni ńlá, tàbí kó sọ ìtàn ogun. Àbúrò yín dé, ó ní ife lásán ti tó. Ẹ wò ó: ẹ ń rí ẹnu ife láti òkè, ẹ sì ń rí ara rẹ̀ láti iwájú, lẹ́ẹ̀kan náà! Bí ojú ṣe ń rìn lára nǹkan ló yà, kì í ṣe nǹkan náà nìkan. Àwọ̀ tó fi sẹ́gbẹ̀ẹ́ àwọ̀, òun ló gbé àwòrán dúró. Látìgbà tá a ti rí i, kò sí akẹ́kọ̀ọ́ mi tó fẹ́ ya ẹṣin mọ́."

"Àpótí náà wọ́," ni Alágbàfọ̀ dáhùn. "Bí àpótí bá wọ́ tó báyẹn, ó yẹ kí ife ti já bọ́. Ẹ bá mi bi í léèrè ohun tó dì í mú."

Olùkọ́ bú sẹ́rìn-ín, ó ní ìbéèrè tí àwọn ọ̀mọ̀wé ń jà lé lórí gan-an nìyẹn. Obìnrin náà wò ó látòkè délẹ̀, ó fún un ní aṣọ rẹ̀.

Àfi bí àjàkálẹ̀ àrùn. Gbogbo ayàwòrán bẹ̀rẹ̀ sí í ya ìkòkò. Ọ̀kan gé ìgò sí wẹ́wẹ́ lórí aṣọ àwòrán, ó ní bí ìgò ṣe rí láti gbogbo ẹ̀gbẹ́ nìyẹn. Òmíràn lẹ ìwé ìròyìn mọ́ ẹ̀gbẹ́ ife. Òmíràn tún kun àwọ̀ pupa àti àwọ̀ eérú, kò sí ife, kò sí àwo, kò sí nǹkankan, ó ní ara ife Oníkẹ́tùlù lòun ti kọ́ ọ. Wọ́n ya yàrá kan sọ́tọ̀ fún iṣẹ́ ọkùnrin yìí nínú ilé àwòrán ńlá, wọ́n fi mọ́tò gbé Alágbàfọ̀ lọ wò ó. Àwọn àgbàlagbà tó wọ bàtà gidi ló bá tí wọ́n fọwọ́ lérán níwájú àlùbọ́sà, tí wọ́n ń sọ̀rọ̀ wúyẹ́wúyẹ́ bí ẹni pé àlùbọ́sà ọ̀hún ń sùn. Ó yínmú láti ẹnu ọ̀nà wọlé, ó yínmú jáde. "Gbogbo ayé ti ya wèrè," ló wí nínú mọ́tò, "àbúrò mi ló sì kó o ràn wọ́n."

Ayé ń lọ. Lọ́jọ́ kan tó ń lọ ìrọ̀rí oníbàárà kan, ó ní kí òun rántí ìyá òun díẹ̀ bó ṣe máa ń ṣe nídìí iṣẹ́. Ojú kò wá. Ó gbé áyọ́ọ̀nù dúró, ó dijú. Aṣọ wá, ohùn wá, ojú kò wá. Ẹ̀rù bà á. Ẹ̀rù tí kò bà á nígbà tí ọkọ rẹ̀ kú ló bà á lọ́jọ́ náà, nítorí kò sí ẹlòmíràn láyé tó tún rántí obìnrin yẹn àfi òun àti ọkùnrin tó wà ní yàrá ẹ̀yìn. Ó gbé áyọ́ọ̀nù kalẹ̀, ó wọlé tọ̀ ọ́ láìkan ilẹ̀kùn.

"Gbogbo ayé ń pè ọ́ lọ́gàá," ló wí. "Ó dáa. Ya ìyá mi. Ojú wọn ni mo fẹ́. Mi ò fẹ́ ife."

Oníkẹ́tùlù ti di arúgbó pẹ̀lú. Ó nu búrọ́ọ̀ṣì títí. "Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ mọ̀ pé mi ò lè ya ohun tí mi ò rí." Lẹ́yìn náà ló wò ó. "Gbogbo èèyàn ló ń sọ pé ẹ jọ wọ́n. Ẹ jókòó."

Ó jókòó. Kí ẹ tó wí pé kí lẹ wí, ọkùnrin yìí ti bẹ̀rẹ̀, ó ń fi ṣọ́ọ̀kì fa ìlà yí ẹsẹ̀ àga ká, ó fà á yí bàtà rẹ̀ ká.

"Ṣé kẹ́tùlù ni mí ni?"

"Ẹ má mira, ẹ jọ̀ọ́."

Alágbàfọ̀ kò mira. Àwọn oníbàárà ń pè é níwájú, kò dáhùn. Bẹ́ẹ̀ ló ń jókòó láràárọ̀, títí àbúrò rẹ̀ fi ní ó ti parí, tó yí àwòrán náà sí i. Ó wò ó pẹ́. Obìnrin arúgbó kan ló wà níbẹ̀, ẹnu rẹ̀ yí sísàlẹ̀, ojú rẹ̀ le bí ẹni tí kò dárí ji ẹnikẹ́ni rí.

"Èmi nìyí," ló wí. "Ìyá ò dàgbà tó báyìí. Ìyá ò ní irú ojú yìí títí wọ́n fi kú. Òfo ni o! Àwọn tí wọ́n ń fọwọ́ lérán nítorí tìẹ, òfo ni gbogbo wọn."

"Ẹ máa wí i fún mi nígbà náà, kí n máa yà á. Iwájú orí ńkọ́?"

"Ó gbòòrò."

"Báwo ló ṣe gbòòrò?"

"Ó gbòòrò bí iwájú orí ṣe ń gbòòrò! Àmì kan wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ ẹnu. Apá òsì."

Oníkẹ́tùlù gbé búrọ́ọ̀ṣì dúró. "Mo rò pé apá ọ̀tún ni."

"Òsì ni." Ó gbé ọwọ́ sí ẹnu ara rẹ̀, ó gbé e sí ọ̀tún, ó dá a padà sí òsì. "Àbí ọ̀tún ni?"

Ọkùnrin náà gbé búrọ́ọ̀ṣì sílẹ̀.

"Èmi náà ò rántí," ló wí. "Ẹ̀gbọ́n mi, kí gan-an lẹ rántí?"

"Sálúbàtà wọn." Ọ̀rọ̀ náà ti bọ́ lẹ́nu rẹ̀ kó tó mọ̀. "Èyí tó ní awọ pupa rẹ́súrẹ́sú. Ibi gìgísẹ̀ ọ̀tún ti jẹ lápá ìta, torí orúnkún tó ń dùn wọ́n. Ibi àtàǹpàkò ti wọnú, ó ń dán. Bí wọ́n bá ń bọ̀ ní ọ̀dẹ̀dẹ̀, ẹsẹ̀ kan á dún pà, èkejì á wọ́ nílẹ̀."

"Okùn rẹ̀ já," ni Oníkẹ́tùlù wí.

"Ó já, wọ́n fi òwú dúdú rán an, torí òwú tó bá a mu ti tán."

"Kókó òwú náà wà lókè."

"Lókè ni, kó má bàa ha wọ́n lẹ́sẹ̀." Omi ti gba ojú rẹ̀, inú sì bí i sí omi náà, ó fi ẹ̀yìn ọwọ́ nù ún kíákíá. Ó rí i kedere. Ó rí sálúbàtà náà níbi tí wọ́n máa ń bọ́ ọ sí lẹ́bàá bẹ́ẹ̀dì, ọ̀kan wà níwájú èkejì díẹ̀, bíi pé ẹni tó ni ín ṣì ń bọ̀ wá wọ̀ ọ́.

"Níbo ló wà?" ni àbúrò rẹ̀ bi í. Ó ti dìde. "Ẹ gbé e wá. Ìyẹn, mo lè yà á."

Alágbàfọ̀ ń fi ọwọ́ tẹ́ aṣọ orí itan rẹ̀.

"Mo dà á nù," ló wí nígbà tó yá. "Ọjọ́ kejì ìsìnkú. Èmi ni mo kó o sínú pàǹtí. Mo ní sálúbàtà lásán ni, kí la fẹ́ fi ṣe?"

Oníkẹ́tùlù padà jókòó. Kò bá a wí. Ó ń wo orí tábìlì níbi tí kò sí nǹkankan.

"Kí lò ń wò?" ni ẹ̀gbọ́n rẹ̀ wí. "Gbé búrọ́ọ̀ṣì ẹ. Yà á."

"Ẹ̀gbọ́n mi, kò sí níwájú mi."

"Mo ní kó o yà á, aláìlójútì yìí! Èmi á máa sọ ọ́." Ó fa àga sún mọ́ ọn, títí orúnkún wọn fi fẹ́rẹ̀ẹ́ kan ara wọn. "Bẹ̀rẹ̀ láti ibi gìgísẹ̀. Má yà á bíi tuntun o."