Òdòdó Ṣọkọ Tí Mo Ṣẹ́

Nígbà tí mo ṣì kéré ní Manigri, tí ìkòkò tí mo lè rù lọ sódò kò tíì ju orí mi lọ, ilé méjì ló kángun sí tiwa. Nínú ọ̀kan ni obìnrin kan wà tí wọ́n fẹ́ wá láti Alédjo. Ìyàwó ni gbogbo wa ń pè é. Nínú èkejì ni opó àgbàlagbà kan ń gbé, tí kò ní ju ewúrẹ́ kan ṣoṣo lọ. Ìyá Àgbà ni mo ń pè é. Àwọn méjèèjì kì í ya ara wọn. Bí ọ̀kan bá se iṣu, èkejì ni yóò gún un.

Ẹ̀yin ọmọ òní, ṣọkọ tí ẹ mọ̀ ni ewé tí wọ́n dì ní ìdì lọ́jà. Ti Ìyàwó yàtọ̀. Bí ó bá gbó, orí rẹ̀ a pọ́n, a ṣù pọ̀ bí ogbe àkùkọ. Irúgbìn rẹ̀ dúdú, ó ń dán, ó sì kéré débi pé iyanrìn ni Ìyàwó ń pò mọ́ ọn kí ó tó fọ́n ọn, kí ó má baà pọ̀ jù lójú kan. Bí òjò bá fìdí múlẹ̀, a hú èyí tó hù, a tún un gbìn. A wọ́n eérú sí i lára nítorí kòkòrò, a já a lórí kí ó lè yọ ẹ̀ka, ìyẹn ni a ń sè. Ṣùgbọ́n ebè kan wà tí ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ fọwọ́ kàn. Ti irúgbìn ni. "Ọwọ́ ìyá mi ni mo ti gbà á," ni ó máa ń wí, "ìyá mi kò sì sí mọ́."

Ní ọjọ́ kan, mẹ́tìrì tó ń kọ́ wa ní ilé-ìwé sọ pé àlejò pàtàkì ń bọ̀ láti Bassila, kí oníkálukú mú òdòdó wá. Mo fẹ́ kí tèmi borí. Ìyàwó ti jí lọ sí Doguè lọ kí ẹni tó bímọ. Mo ṣí ọgbà rẹ̀, mo fọwọ́ ṣẹ́ gbogbo orí pupa tó wà lórí ebè náà, n kò ṣẹ́ ọ̀kan kù. Irúgbìn inú wọn kò tíì gbó. Èmi nìkan ni mo ń lọ ilé-ìwé ládùúgbò wa, ẹnikẹ́ni kò sì rí mi. Mẹ́tìrì ní kí wọ́n pàtẹ́wọ́ fún mi.

Ṣùgbọ́n n kò ti ilẹ̀kùn ọgbà náà nígbà tí mo jáde. Nígbà tí mo fi máa ti ilé-ìwé dé, ewúrẹ́ Ìyá Àgbà ti wọ ibẹ̀, ó ń jẹ ìyókù, Ìyàwó sì ti bá a níbẹ̀. Ó sọ ọmọ odó lù ú, ẹsẹ̀ ewúrẹ́ náà kán.

"Ewúrẹ́ mi lo ṣe báyìí?" ni Ìyá Àgbà ké.

"Irúgbìn ìyá mi ló jẹ tán, Ìyá! Níbo ni n óò ti rí i mọ́?"

"Ọgbà rẹ kì í ṣí sílẹ̀. Ta ló ṣí i?"

Ìyá Àgbà bá yíjú sí mi. "Ọmọ mi, ṣé o rí ẹni tó wọlé síbẹ̀?"

"Rárá, Ìyá."

Wọ́n pa ewúrẹ́ náà ní ìrọ̀lẹ́. Ìyá Àgbà fún wa nínú ẹran rẹ̀, mo rọra dá tèmi padà sínú ìkòkò. Láti ọjọ́ náà, àwọn méjèèjì kò kí ara wọn mọ́. Ìyàwó wá irú ṣọkọ rẹ̀ dé Alédjo, kò rí i. Lójoojúmọ́ ni mo ń wí fún ara mi pé bó bá di ọ̀la, n óò sọ ọ́. Ọdún ń gorí ọdún. Àìsàn wá dá Ìyá Àgbà dùbúlẹ̀, ó sì kú.

Mo ti di abiyamọ kí n tó lọ kúnlẹ̀ níwájú Ìyàwó, tí mo jẹ́wọ́. Ó ń pa kajú lọ́wọ́. Ọwọ́ rẹ̀ dúró.

"O ò wí i nígbà tí Ìyá Àgbà ṣì wà," ni ó wí. "Ṣọkọ, mo ti gbàgbé rẹ̀. Ọ̀rẹ́ mi ńkọ́? Mo dúró lẹ́nu ọ̀nà rẹ̀, mo ń gbọ́ bí ó ti ń wúkọ́, n kò wọlé."

Ó ní kí n dìde, ó ní òun ti dárí jì mí. Ó sì padà sídìí kajú rẹ̀, kò tún wojú mi.

Manigri ti yí padà. Igi kajú ti dé ẹ̀yìn ilé, ibi tí à ń gbin ẹ̀fọ́ sí ti tán. Àwọn ọmọ-ọmọ mi ń ra irúgbìn òdòdó pupa yẹn nínú ọ̀rá ní Bassila, wọ́n ń gbìn ín sẹ́nu ọ̀nà fún ẹwà. Bíríkì ni olúkúlùkù fi yí ilé rẹ̀ ká báyìí. Aládùúgbò kì í jà mọ́, nítorí wọn kò mọ ara wọn tó ẹni tí à ń bá jà. Ó ń dùn mí, ṣùgbọ́n n kì í lè bá àwọn ọ̀dọ́ wí. Wọ́n ní láti mọ ògiri bíríkì kí wọ́n tó lè ya ara wọn. Èmi ya ẹni méjì tó fẹ́ràn ara wọn, ọ̀rọ̀ kan péré ni mo fi yà wọ́n.