Ọjọ́ Tí Ìyá Mi Mú Mi Dé Etí Òkun

Yéè! Màmá mi, ó mà ti tó àkókò náà o. Ó di gbére, ó di àrìnnàkò. Àṣàkẹ́ aránṣọ funfun, ọmọ Èkìtì olókè tó sọ Agbowó di ilé, ẹ ti yọ òwú kúrò lójú abẹ́rẹ́, ẹ ti fi aṣọ bo ẹ̀rọ ìránṣọ yín, ẹ sì ti bá tiyín lọ láìdá ọjọ́ àbọ̀ fún oníbàárà kankan. Ẹ jẹun alẹ́, ẹ gbàdúrà, ilẹ̀ mọ́, ẹ ti lọ. Gbogbo ẹni tó mọ̀ yín mọ̀ pé ìgbà àkọ́kọ́ nìyí tí ẹ máa jáde nílé láìdúró pẹ́ lẹ́nu ọ̀nà.

Àwọn ará ìjọ ní kí n kọ ohun tó máa pa àwọn èèyàn lẹ́kún. Mo ní rárá. Obìnrin tó máa ń rẹ́rìn-ín títí gbogbo píìnì tó há sẹ́nu á fi já bọ́ sílẹ̀, ṣé ẹkún la ó fi sin ín? Ẹ̀yin tí ẹ mú ìwé ètò ìsìnkú yìí dání, tí ẹ ń yọjú wo aago, ẹ fọkàn balẹ̀. Mo mọ iye ọ̀rọ̀ tí ibi tí wọ́n fún mi lè gbà. Ọjọ́ kan péré ni mo fẹ́ ròyìn rẹ̀.

Fún ẹni tí kò bá mọ̀: sùtánà ni ìyá mi ń rán, aṣọ funfun àwa Aládùúrà. Láti Bódìjà títí dé Òjòó, kò sí ọjọ́ ìsinmi kan tí iṣẹ́ ọwọ́ yín kì í jókòó nílé Ọlọ́run. Ẹ kì í wọ bàtà wa ẹ̀rọ. Ẹ ní aṣọ mímọ́ kì í ti abẹ́ bàtà jáde. Ẹni tó bá wá béèrè pé ìgbà wo laṣọ òun máa parí, èsì kan náà ló máa ń gbà: "Abẹ́rẹ́ tó bá sáré, ìka ni yóò rán." Oníbàárà á bínú lọ, á sì padà wá, nítorí aṣọ yín máa ń jókòó lára bí awọ.

Èmi ọmọ yín kò jọ yín rárá. Mo kọ́ ẹ̀kọ́ ìṣòwò ní yunifásítì, iṣẹ́ ètò ṣíṣe ni mo sì ń ṣe ní Dùgbẹ̀: ìpàdé, àpérò, ìrìn àjò àwọn ọ̀gá. "Màdáàmù Kíá" ni wọ́n ń pè mí níbi iṣẹ́, n kò sì bínú sí i. Ẹni tó bá dá mi dúró fún ìṣẹ́jú mẹ́wàá, màá dì í sínú fún ọ̀sẹ̀ kan.

Ṣùgbọ́n òótọ́ ọ̀rọ̀ kò ṣeé gbé mì lónìí. Màmá, ẹ sọ fún mi nígbà kan pé, "Ọmọ́pẹ́, mo fẹ́ rí òkun." Mo ní, "Lóṣù tó ń bọ̀, Màmá." Oṣù tó ń bọ̀ yẹn gba ọdún márùn-ún. Ẹ kò yọ mí lẹ́nu. Lẹ́ẹ̀kan lọ́dọọdún, tí ọdún tuntun bá ti wọlé, ẹ máa ń bi mí pé, "Òkun ṣì wà níbẹ̀, àbí?" Màá ní, "Ó wà níbẹ̀, Màmá." Ẹ ó ní, "Ó dáa náà." Ẹ ó sì padà sídìí ẹ̀rọ yín.

Orúnkún yín ló sún mi ṣe é. Nígbà tí ti ọ̀tún bẹ̀rẹ̀ sí í dùn yín débi pé ẹ kò lè wa ẹ̀rọ fún wákàtí kan gbáko mọ́, ẹ̀rù bà mí. Mo ro ó pé bó bá tún fi di ọdún tó ń bọ̀, ẹsẹ̀ yìí lè má rìn lórí yanrìn mọ́ láé. Láàárín ọ̀sẹ̀ yẹn gan-an ni mo wá afinimọ̀nà kan rí: Ọ̀gbẹ́ni Mautin, tíṣà tó ti fẹ̀yìn tì, ọmọ Àgbádárìgì tó ń gbé ní Àpáta. Ó ní Píjò funfun kan tó fi máa ń mú àwọn àlejò rìn lójú ọ̀nà etí omi, àárọ̀ lọ, ìrọ̀lẹ́ bọ̀. Mo gba òun àti ọkọ̀ rẹ̀ fún àwa méjì péré. Kò sí èrò mìíràn.

Mo tẹ ètò ọjọ́ náà ní ẹ̀dà mẹ́ta, ọ̀kan fún ẹnì kọ̀ọ̀kan. Aago mẹ́fà àárọ̀, ká kúrò ní Agbowó. Aago mẹ́sàn-án, ká dé Àgbárá. Aago mọ́kànlá, òkun, ọgbọ̀n ìṣẹ́jú. Aago méjì ọ̀sán, lẹ́yìn oúnjẹ, ká máa padà bọ̀. Ẹ gba ẹ̀dà tiyín, ẹ fọwọ́ pa á wò, ẹ ní, "Bébà yìí le dáadáa." Nígbà tí mo dé lọ́jọ́ kejì, ẹ ti fi síṣọ́ọ̀sì gé e, ó ti di ìwọ̀n ọrùn sùtánà.

Epo ọkọ̀ ni mo rò pé ó máa dá wa dúró, torí náà mo ní kí Tíṣà ra tiẹ̀ kalẹ̀ lọ́jọ́ tó ṣáájú. N kò mọ̀ pé ìyá mi ni. Aago mẹ́fà lù, ẹ wà lórí ìkúnlẹ̀. Ẹ gbàdúrà fún táyà ọkọ̀ mẹ́rẹ̀ẹ̀rin lọ́kọ̀ọ̀kan, ẹ kò gbàgbé ti ìrọ́pò. Ká tó wọkọ̀, ìyá àgbà kan gbé aṣọ tí bọ́tìnnì rẹ̀ já wá, ẹ sì jókòó tì í. Aago mẹ́jọ kù díẹ̀ nígbà tí a kọjá Challenge. Mo ń wo aago ọwọ́ mi. Ẹ ń wo ojú fèrèsé, ẹ sì ń kọrin.

Kí ni màá sọ nípa ọ̀nà yẹn? Ẹni tí a tọ́ sáàárín òkè àti àpáta, bí ó bá rí omi tó tẹ́ lọ rẹrẹ, ojú rẹ̀ á là. A débi afárá ní Àgbárá, ẹ di ìjókòó Tíṣà mú lẹ́yìn.

"Ṣé òun nìyí?"

"Rárá, Màmá. Ọ̀sà lèyí."

"Ó tóbi tó báyìí, ọ̀sà ni? Òkun fúnra rẹ̀ wá ńkọ́?"

Ẹ ní kó dúró, ẹ lọ bu omi ọ̀sà bọ́jú. A tún rìn díẹ̀, odò mìíràn yọ. "Ṣé òun nìyí?" Tíṣà ní, "Àbúrò rẹ̀ ni, Màmá. Ẹ ṣì fara balẹ̀." Nígbà tó di ẹ̀ẹ̀kẹrin, èmi ni mo dáhùn, ohùn mi kò sì dùn.

Lẹ́yìn náà la wọ inú igi àgbọn. Ọ̀tún àgbọn, òsì àgbọn, gbogbo wọn tẹ orí síbì kan náà bí èèyàn tó ń gbọ́ ìwàásù. Obìnrin kan jókòó sẹ́bàá ọ̀nà, ó ń hun imọ̀ àgbọn tí wọ́n fi ń bo ilé. Ẹ ní kí ọkọ̀ dúró. Ègùn ni obìnrin náà ń sọ, ẹ̀yin ń sọ Èkìtì, Tíṣà ń túmọ̀ láàárín. Kò pẹ́ tí ẹ̀yin méjèèjì kò nílò Tíṣà mọ́. Ẹ jókòó sílẹ̀, ẹ kọ́ bí wọ́n ṣe ń hun ún, ẹ sì ní, "Ìránṣọ lèyí náà. Aṣọ ilé ni." Wákàtí kan ó lé lọ síbẹ̀. Mo ní, "Tíṣà, ẹ jọ̀ọ́, ẹ wo aago." Ọkùnrin náà rẹ́rìn-ín: "Màdáàmù, òkun kì í tilẹ̀kùn."

Aago méjì ti kọjá ká tó dé èbúté Àgbádárìgì. Etí òkun gan-an wà ní òdìkejì ọ̀sà. A ní láti wọkọ̀ ojú omi, ká tún fẹsẹ̀ rin yanrìn lọ. Mo ní ìpàdé ní aago mẹ́jọ àárọ̀ ọjọ́ kejì. Ẹnu mi yìí ni mo fi sọ pé, "Màmá, omi tí ẹ ti rí lónìí tó. Ọ̀sà yìí náà, omi ni. Ẹ jẹ́ ká máa lọ, a ó padà wá lóṣù tó ń bọ̀."

Tíṣà yíjú síbòmíràn, ó ń ka àgbọn. Ọlọ́kọ̀ ojú omi kan ń gbọ́n omi kúrò nínú ọkọ̀ rẹ̀. Ẹ rọra jókòó sórí pákó èbúté, ẹ bọ́ bàtà yín, ẹ wá gbójú sókè wò mí.

"Ọmọ́pẹ́, oṣù mélòó lo lò nínú mi?"

"Oṣù mọ́kànlá, Màmá. Gbogbo ayé ló mọ̀."

"Ta ló kán ọ lójú níbẹ̀?"

Ẹ wá sọ ohun tí n kò gbọ́ rí. Ẹ ní nígbà tí oyún mi wọ oṣù kọkànlá, àwọn ará ilé Bàbá ti ń sọ ọ́ káàkiri pé kì í ṣe oyún. Ẹ wọ ilé àdúrà, ẹ jẹ́jẹ̀ẹ́ pé bí mo bá wáyé láàyè, ẹ ó mú mi dé etí òkun láìwọ bàtà, ẹ ó fi mí han Ẹni tó ni mí. Mo dé. Kí n tó pé oṣù mẹ́ta, àìsàn gbé Bàbá ṣánlẹ̀. Nígbà tí Bàbá lọ, ó ku ẹ̀yin àti ẹ̀rọ. Lẹ́yìn náà, ilé-ìwé mi. "Ìgbà tí ọwọ́ mi wá dilẹ̀," ẹ ní, "tìrẹ ló dí."

Mo ní, "Màmá, kí ló dé tí ẹ kò sọ fún mi?"

"Bí mo bá sọ ọ́, wàá kọ ọ́ sínú ìwé, wàá sì fún un ní ọgbọ̀n ìṣẹ́jú."

Tíṣà kò lè mú ẹ̀rín rẹ̀ mọ́ra mọ́. Èmi kò rẹ́rìn-ín. Èmi tí mo kórìíra ìdádúró, èmi ni mo dá ìyá mi dúró fún ọdún márùn-ún gbáko. Mo bọ́ bàtà gogoro ẹsẹ̀ mi. Mo ní kí ọlọ́kọ̀ gbé ọkọ̀ rẹ̀ wá.

A sọdá. Mo wà lápá ọ̀tún yín, Tíṣà lápá òsì. Bí orúnkún bá ti ní ká dúró, a ó dúró. Tíṣà sọ fún wa pé ojú ọ̀nà yìí ni wọ́n fi kó àwọn èèyàn lẹ́rú lọ láyé ijọ́un. Ẹ tún gèlè yín wé, ẹ gbàdúrà fún àwọn tí kò sẹ́ni tó mọ orúkọ wọn. Ohùn òkun la kọ́kọ́ gbọ́, bí ìgbà tí ọ̀pọ̀ èèyàn bá ń ṣe àmín. Lẹ́yìn náà igi tán, ilẹ̀ tán, kò sí nǹkan mọ́ àfi omi àti ojú ọ̀run. Ẹ kò bi ẹnikẹ́ni ní ìbéèrè lọ́tẹ̀ yìí. Ẹ kàn ní, "Òun nìyí."

Ẹ tọwọ́ bọ àpò yín, ẹ yọ aṣọ funfun kékeré kan jáde, sùtánà ọmọ-ọwọ́ tí ẹ ti rán sílẹ̀ láti ìgbà oyún mi. Ẹ fi lé mi léjìká. Kò bò mí ju ìbú ọwọ́ kan lọ. Ẹ tì mí síwájú, ẹ gbóhùn sókè: "Olúwa mi, ọmọ náà rèé. Ẹ má bínú pé a pẹ́. Bó ṣe ń ṣe náà nìyẹn, inú oyún ló ti bẹ̀rẹ̀." Mo ń ṣàmín lọ́wọ́ nígbà tí ìgbì kan dé tó gbé mi ṣubú pẹ̀lú gbogbo ẹ̀kọ́ ìṣòwò mi. Nígbà tí mo dìde, aago ọwọ́ mi ti kú. Ẹ rí i, ẹ sì rẹ́rìn-ín títí ẹ fi jókòó sínú omi. Ibẹ̀ ni Tíṣà ti ya àwòrán tó wà níwájú ìwé yìí. Ẹni tó bá rò pé omijé ló wà lójú ìyá mi, omi iyọ̀ ni, ẹ̀rín sì ni.

A kò kánjú kúrò níbẹ̀. Mo pẹ́ dé ìpàdé ọjọ́ kejì. Wọ́n dúró dè mí, nǹkan kan kò ṣe wọ́n.

Ọdún mẹ́ta lẹ́yìn ìgbà yẹn ni ẹ fi ròyìn òkun fún gbogbo oníbàárà: "Ẹ lọ wò ó. Ó ń lọ, ó ń bọ̀, ìgbà gbogbo ló ń ṣiṣẹ́, kò sì kánjú." Ẹni tó wá béèrè aṣọ rẹ̀ tí kò tíì parí, ìròyìn òkun ló ń gbé lọ sílé.

Màmá mi, mo ti ṣe ètò ìsìnkú yín bí mo ṣe ń ṣe iṣẹ́ mi. Aago mẹ́wàá nìsìn, kì í ṣe aago mẹ́wàá kọjá. Mo ti bá oníwàásù sọ ọ́ pé ogún ìṣẹ́jú ló ní. Ṣùgbọ́n ẹ̀yin tí ẹ ń kàwé yìí máa rí ìlà kan nínú ètò tí kò ní aago: "Ìdúró níwájú ṣọ́ọ̀bù Màmá, Agbowó." Ẹni tó tẹ ìwé náà rò pé mo gbàgbé ni, ó wá bá mi: "Mà, aago mélòó sí aago mélòó ni ká kọ síbẹ̀?" Mo ní kó fi í sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. A ó gbé yín dúró níwájú ẹ̀rọ yín, a ó bọ́ bàtà ẹsẹ̀ wa, ẹni tó fẹ́ kọrin á kọrin, ẹni tó fẹ́ sọ bí aṣọ òun ṣe pẹ́ tó náà á sọ ọ́. Ẹni tó bá ń kánjú, kó ṣíwájú lọ sí ibojì, kó lọ dúró dè wá.

Ẹ gbé mi fún oṣù mọ́kànlá, ẹ kò kán mi lójú. Lónìí, èmi tó ń gbé yín lọ kò ní í kán yín lójú. Ìgbà tí ẹ bá ní ká máa lọ la ó lọ. Àṣàkẹ́ mi, aránṣọ funfun, arìnlétí-òkun, sùn re o, sùn re.

Èmi ọmọ yín tó pẹ́ kó tó dé,
Ọmọ́pẹ́