Pọ́ìntì Tó Sọnù Lára Ìwé Oògùn Gìrì

Ẹ̀rù tó bà mí lọ́jọ́ tí mo lọ sí ṣọ́ọ̀bù Alhaji Mùdá ní Dópẹ̀mú kò tíì tán lára mi. Àwọn èèyàn rò pé iṣẹ́ kọ̀ǹpútà kò léwu, èmi náà sì rò bẹ́ẹ̀ tẹ́lẹ̀. Iṣẹ́ mi ni kí n máa ti ọ́fíìsì kan bọ́ sí òmíràn láàárín Ìkẹjà àti Agége, kí n máa bá wọn tún kọ̀ǹpútà ṣe. PDF ló máa ń yọ wọ́n lẹ́nu jù. Ti ẹni kan kò ní ṣí. Ti ẹlòmíràn á ṣí, ṣùgbọ́n kò ní ṣe é tẹ̀ jáde. Lọ́pọ̀ ìgbà, sọ́fítíwíà tó ti gbó ni. Màá fi tuntun sí i, wọ́n á fún mi ní mínírà tútù, màá sì bá tèmi lọ.

Ọmọ Ògbómọ̀ṣọ́ ni Alhaji Mùdá. Wọ́n máa ń báni tẹ̀wé, wọ́n sì máa ń ṣe fọ́tòkọ́pì. Ó máa ń wù wọ́n kí wọ́n fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ pé àpò irinṣẹ́ mi tóbi jù mí lọ. Lọ́sàn-án ọjọ́ yẹn, wọ́n pè mí pé PDF kan kò jẹ́ kí àwọn fọwọ́ kan òun.

"Ẹnjiníà, àdírẹ́ẹ̀sì lásán ni mo fẹ́ pààrọ̀ níbẹ̀. Ó lóun ò gbà."

Mo wò ó. Wọ́n ti ya ìwé náà bí ẹni ya fọ́tò ni, nítorí náà kọ̀ǹpútà kò rí lẹ́tà kankan níbẹ̀, àwòrán ló rí. Mo ṣàlàyé èyí fún wọn.

"Ti àná náà ṣe bẹ́ẹ̀," ni Alhaji wí. "Mo bá rí ibì kan lórí íńtánẹ́ẹ̀tì tí wọ́n ti ń sọ PDF di Wọ́ọ̀dù. Mo jù ú síbẹ̀, mo pààrọ̀ nọ́ńbà fóònù tó wà lórí ẹ̀, mo tẹ̀ ẹ́. Tòní ló wá ń ṣe agídí."

Ara mi ò balẹ̀. Irú ibi bẹ́ẹ̀ máa ń wo àwòrán ni, á sì máa méfò lẹ́tà tó wà níbẹ̀. Mo ní kí wọ́n fún mi ní ìwé àná, ti àtijọ́ àti tuntun. Mo tẹ́ méjèèjì sórí tábìlì, ìka ọ̀tún lórí ọ̀kan, ìka òsì lórí èkejì, mo ń kà á lọ. Nọ́ńbà fóònù ti yí padà bó ṣe yẹ. Nígbà tí mo dé ìsàlẹ̀, ìwé àtijọ́ ní kí wọ́n fún ọmọ ní mílílítà 2.5. Tuntun ní 25.

"Alhaji, ìwé kí nìyí?"

"Ti ọsibítù kan ní Ìfàkọ̀ ni. Wọ́n máa ń fún àwọn ìyá tí ọmọ wọn ń lo oògùn gìrì. Wọ́n ti wá kó o láàárọ̀."

Mo fi ìka tọ́ka sí ibi tí pọ́ìntì àárín 2 àti 5 ti sọnù. A pe ọsibítù náà, fóònù ń dún, ẹnì kankan ò gbé e. A wọ kẹ̀kẹ́. Alhaji tí ẹnu wọn kì í dákẹ́ kàn ń pe Ọlọ́run lábẹ́lẹ̀ títí a fi débẹ̀.

Nọ́ọ̀sì tó wà lẹ́nu iṣẹ́ wo ìwé náà, ojú rẹ̀ yí padà.

"Ẹnì kan ṣoṣo ni mo tíì fún, Ìyá Fàtíà. Kò tíì pẹ́ tó lọ."

"Tí ọmọ bá mu ún ńkọ́?" ni mo bi í.

"Á sùn. Kò sì ní lè mí dáadáa mọ́."

Ó mọ ilé wọn, àdúgbò ibẹ̀ náà ni. Òun ló ṣáájú, ó ń sáré, èmi tẹ̀ lé e, Alhaji di agbádá wọn mú lẹ́yìn. Gbogbo ohun tí mo ń rò ni pé a ó bá ọmọ náà níbi tó ti ń sùn.

Ìyá rẹ̀ jókòó sórí àpótí lẹ́nu ọ̀nà. Ó ti tẹ́ ọmọ sórí itan, ó ti ká ọwọ́ òsì sí i lẹ́nu bí ẹni tó fẹ́ rọ ọmọ lágbo. Ọmọ tí wọ́n bá ń rọ, dandan ni kó gbé e mì. Kọ́ọ̀bù oògùn wà lọ́wọ́ rẹ̀ kejì. Nọ́ọ̀sì pariwo orúkọ rẹ̀, mo sì já kọ́ọ̀bù náà gbà. Oògùn dà sí mi láṣọ.

"Ṣé ó ti mu nínú ẹ̀?" ni Nọ́ọ̀sì bi í.

"Rárá o. Ìdérí ìgò tí wọ́n fi ń wọ̀n ọ́n ò gba 25, ni mo bá lọ yá kọ́ọ̀bù. Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ dé ni. Kí ló dé?"

Alhaji jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀. Èmi bú sẹ́kún, ojú ò sì tì mí. Nọ́ọ̀sì wọn èyí tó yẹ sínú ìdérí, ó fún ọmọ náà mu, ó wá ṣàlàyé ohun tó ṣẹlẹ̀. Ìyá Fàtíà gbé ọmọ rẹ̀ mọ́ àyà, ó ń wo àwa mẹ́tẹ̀ẹ̀ta lọ́kọ̀ọ̀kan.

"Èmi ò mọ̀wé," ló wí. "Mo ní kí ìyàwó lándíọ́ọ̀dù bá mi kà á. Mo tún ní kó tún un kà, kí n má baà ṣì í wọ̀n."